Fóònù Là Ń Wò Kí A Tó Sọmọ Lórúkọ

Ilé là ń wò kí a tó sọmọ lórúkọ. Báyìí ni àwọn àgbà wí, ìgbà tí kò sí fóònù ni wọ́n sì wí i. Ká ní irú ẹ̀rọ tó ń tàn yanran lọ́wọ́ wa yìí ti wà nígbà ayé wọn ni, bóyá wọn ì bá ti tún òwe wọn pa. Wọn ò rí i, àwa la rí i, àwa náà la sì ti bá wọn tún un pa. Oyún ò tíì pé oṣù mẹ́ta, bàbá ọmọ ti ń tẹ fóònù lọ́gànjọ́ òru: orúkọ ọkùnrin tó fi J bẹ̀rẹ̀, orúkọ obìnrin tí kò wọ́pọ̀, orúkọ tó ní ìtumọ̀ tó jinlẹ̀, tí ẹnu òyìnbó á sì gbà. Ilé tí òwe ní ká wò ò lọ síbì kan. Ìyá àgbà wà ní kíṣìnì. Bàbá tó lè ki orílẹ̀ wọn láti àárọ̀ dọ̀sán wà ní pálọ̀, ó ń wo ìròyìn. Ẹnikẹ́ni ò bi wọ́n léèrè ohunkóhun, nítorí wọn ò sí lórí íntánẹ́ẹ̀tì.

Èmi ò ní kí èèyàn má yẹ orúkọ wò o. Àyẹ̀wò gan-an ni òwe ń pa láṣẹ. Ohun tó ń pa mí lẹ́rìn-ín ni pé mi ò rò pé ìran Yorùbá kan wà rí tó yẹ orúkọ wò tó tiwa yìí. À ń yẹ̀ ẹ́ wò lọ́sàn-án, à ń yẹ̀ ẹ́ wò lóru, à ń yẹ̀ ẹ́ wò lọ́dọ̀ gbogbo ayé, àfi lọ́dọ̀ ẹni tó ni ín.

Ilé tí àwọn àgbà sì ń wí, wọn ò sọ̀rọ̀ bíríkì àti páànù. Iṣẹ́ ìdílé ni wọ́n á kọ́kọ́ wò. Bó bá jẹ́ ilé onílù, Àyàn ni yóò ṣíwájú: Àyántúndé, Àyánkúnlé, Àyánwálé. Bó bá jẹ́ ilé ọdẹ, Ọdẹ́wálé, Ọdẹ́túndé. Ilé eléégún, Ọ̀jẹ́wálé. Ilé babaláwo, Fágbèmí. Ilé alágbẹ̀dẹ, Ògúndélé. Ti ilé ọba, ẹ mọ̀ ọ́n. Lẹ́yìn náà ni wọ́n á wo ọ̀nà tí ọmọ gbà wọlé. Ẹsẹ̀ ló kọ́kọ́ yọ, Ìgè nìyẹn. Ó dojú bolẹ̀, Àjàyí. Ìwọ́ kọ́ ọ lọ́rùn, Òjó bó bá ṣe ọkùnrin, Àìná bó bá ṣe obìnrin. Irun orí rẹ̀ ta kókó, Dàda, ẹni tí kì í fẹ́ kí wọ́n fọwọ́ kan òun lórí. Wọ́n á wá wo ohun tó ń ṣẹlẹ̀ láàárín ilé lásìkò náà: ojú ọ̀nà ni ìyá bí i sí, Abíọ́nà, àsìkò ọdún ni, Abíọ́dún, ìyá ṣẹ̀ṣẹ̀ sọkún òmíràn tán, Rẹ̀mílẹ́kún. Ìròyìn ni gbogbo rẹ̀. Ẹni tó bá gbọ́ orúkọ ọmọ ti gbọ́ ilé tó ti wá, ó ti gbọ́ bó ṣe dé, ó sì lè gbọ́ ohun tójú ìyá ẹ̀ rí.

Ẹ wá wo ohun tí ìkànnì orúkọ máa ń tò sílẹ̀. Orúkọ: Wale. Ìtumọ̀: ó wá sílé. Orísun: Áfíríkà. Áfíríkà kẹ̀! Ilẹ̀ tó ní orílẹ̀-èdè 54, níbo ni kí ọmọ náà máa kí wọn níbẹ̀? Ta ni Wálé yìí tiẹ̀ wá sílé? Adé ni àbí Akin, Ọlá ni àbí Ògún, Ọdẹ ni àbí Àyàn? Iwájú orúkọ ni ilé wà. Ẹni tó bá gé iwájú yẹn dànù, ilé ló gé dànù, ìrìn nìkan ló kù fún ọmọ: ó ń wálé, ilé ta ni, a ò mọ̀. Kò sóhun tó burú nínú kíké orúkọ kúrú. Láyé àtijọ́ náà, Wálé ni wọ́n ń pè lágbàlá. Ṣùgbọ́n odindi orúkọ ni wọ́n ń wí lójú igbá omi níjọ́ ìkómọ. Èyí tó jẹ́ ti àgbàlá nígbà náà ló wá di ti ìwé ẹ̀rí ìbí lónìí, òun náà ni yóò dé inú ìwé ìrìnnà.

Mo lọ síbi ìkómọ kan ní Ìbàdàn. Gbogbo nǹkan ló pé: omi, oyin, iyọ̀, obì, orógbó, atáare. Wọ́n tẹ káàdì olówó iyebíye, wọ́n kọ orúkọ ọmọ sí i pẹ̀lú ìtumọ̀ rẹ̀ lábẹ́. Olùdarí ètò gbé e sókè, ó kà á ketekete: “Babátúndé, ìtumọ̀ èyí tí í ṣe, Bàbá ti padà wálé.”

Bàbá àgbà tó bí bàbá ọmọ gbójú kúrò lára àwo mọ́ínmọ́ín rẹ̀. “Bàbá wo ló padà wálé?”

Ọmọ rẹ̀ dọ̀bálẹ̀ díẹ̀. “Ẹ̀yin ni, Bàbá.”

“Ìgbà wo ni mo kú?”

Ilé pa lọ́lọ́. Bàbá ọmọ ní, “Ẹ má bínú, Bàbá. Ohun tí a rí kà ni pé ẹni tí bàbá rẹ̀ bá padà wálé ló ń sọmọ bẹ́ẹ̀. Ẹ̀yin náà ṣẹ̀ṣẹ̀ ti London dé lóṣù tó kọjá.”

Ìyá àgbà ló kọ́kọ́ bú sẹ́rìn-ín. “Bàbá Délé, wọ́n ti sin yín, ẹ ò mọ̀!” Bàbá náà rọra dìde, ó ju owó sínú igbá omi, ó ní, “Àkàndé ni tèmi. Ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ kú ná kí n tó tún padà wá.” Wọ́n pàtẹ́wọ́, wọ́n jẹun, ètò ń lọ. Káàdì ò ṣeé tún tẹ̀ mọ́, nítorí náà Babátúndé ni ọmọ ń jẹ́, bàbá tó sì ti tún ayé wá ló bá wọn gbé e jó.

Ohun tó yà mí lẹ́nu ju ti Babátúndé lọ ni pé orúkọ kejì lórí káàdì yẹn, Jayden, kò sẹ́ni tó bi í léèrè nǹkan kan. Káàdì ní èdè Hébérù ni, ó ní ‘ẹni ọpẹ́’ ni ìtumọ̀ rẹ̀. Jayden ò sí nínú Bíbélì. Ẹni tó sún mọ́ ọn jù níbẹ̀ ni Jadoni, ọkùnrin kan tó bá wọn tún odi Jerúsálẹ́mù mọ nínú ìwé Nehemáyà orí 3, ẹsẹ kan ṣoṣo ló fi yọjú, a ò sì gbọ́ nǹkan kan nípa rẹ̀ mọ́. Àwọn ará Amẹ́ríkà ló hun Jayden jọ láìpẹ́ yìí nítorí pé ó dùn-ún pè, ó sì bá Hayden àti Aidan mu létí. Kò sí ẹ̀ṣẹ̀ nínú ìyẹn, ti wọn ni wọ́n ṣe. Ẹ̀yin tó ní ẹ ń wá ìtumọ̀ tó jinlẹ̀ ni mo ń bá wí.

Bí ó bá sì jẹ́ ilé là ń wò lóòótọ́, ẹ jẹ́ ká wo ilé Vanessa. Orúkọ náà pọ̀ láàárín wa. Ohun tí a máa ń bá lórí fóònù ni pé labalábá ni ìtumọ̀ rẹ̀ lédè Gíríìkì. Àwọn ará Gíríìkì àtijọ́ ò mọ̀ ọ́n rí. Jonathan Swift, òǹkọ̀wé ọmọ Ireland, ló dá a fún obìnrin kan tó ń jẹ́ Esther Vanhomrigh: ó mú Van níwájú orúkọ ìdílé obìnrin náà, ó fi Essa tí wọ́n ń ké Esther sí lé e. Inú ewì kan tó kọ ní nǹkan bí 1713 ló fi í sí, wọn ò sì tẹ ewì yẹn jáde títí di 1726. Ó di 1807 kí onímọ̀ kòkòrò kan tó ń jẹ́ Fabricius tó fi Vanessa pe ìran àwọn labalábá kan. Èèyàn ló kọ́kọ́ jẹ́ ẹ, labalábá ló yá a. Obìnrin ọ̀hún ńkọ́? Ó fẹ́ràn Swift títí ẹ̀mí fi fẹ́rẹ̀ẹ́ bọ́ lára rẹ̀, Swift ò gbé e níyàwó, ó sì kú ní 1723 láìlọ́kọ, láìbímọ. Ìyá tó ní òun ò gbọdọ̀ sọ ọmọ òun ní Rẹ̀mílẹ́kún, pé ẹkún wà nínú rẹ̀, irú ilé tó lọ wò nìyẹn.

Cedric ńkọ́? Walter Scott ló kọ ọ́ sínú ìwé ìtàn àròsọ rẹ̀, Ivanhoe, ní 1819. Ọba kan ti wà ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì tẹ́lẹ̀ tó ń jẹ́ Cerdic, ọ̀pọ̀ onímọ̀ sì gbà pé lẹ́tà ló ṣì bọ́ sí ipò ara wọn lọ́wọ́ Scott. Àṣìkọ ni a fi sọmọ, a tún ń gbàdúrà lé e lórí. Nevaeh tilẹ̀ ni baba gbogbo wọn. Ẹ kà á láti ẹ̀yìn wá síwájú: heaven ni, ọ̀run lédè Gẹ̀ẹ́sì. Olórin Amẹ́ríkà kan, Sonny Sandoval ti ẹgbẹ́ P.O.D., fi ọmọ rẹ̀ tó ń jẹ́ bẹ́ẹ̀ hàn lórí tẹlifíṣọ̀n ní 2000, orúkọ náà sì bẹ̀rẹ̀ sí í ràn. Ṣé ẹ mọ àwọn tí kì í fẹ́ gbọ́ Ọ̀jẹ̀ nínú orúkọ, pé ará ọ̀run kinkin ni eégún? Lára wọn ló ń sọ ọmọ ní ọ̀run tí a yí orí rẹ̀ kodò.

Nítorí ìbẹ̀rù yìí gan-an ni àrùn tó wà lára wa. Orúkọ tí a ò mọ ilé rẹ̀ kì í bà wá lẹ́rù. Èyí tí a mọ ilé rẹ̀ ló ń lé wa sá. Ẹ ti rí ìdílé Ògúndélé: ẹ̀gbọ́n di Jésùdélé, àbúrò di Olúdélé, àbíkẹ́yìn ní òun ò lówó àfidáfíìtì, ó wà ní Ògúndélé rẹ̀. Ọmọ bàbá kan náà, orúkọ ìdílé mẹ́ta. Níjọ́ tí wọ́n fẹ́ pín ilẹ̀ tí bàbá fi sílẹ̀, lọ́yà yẹ ìwé wọn wò, ó ní kí wọ́n jọ̀ọ́, kí wọ́n sọ fún òun, bàbá mélòó ló kú? Wọ́n tún sáré padà lọ búra ní kóòtù, wọ́n tún kéde nínú ìwé ìròyìn. Bí Ògún bá lágbára débi tí ó lè ti inú orúkọ ba ayé èèyàn jẹ́, mo rò pé yóò gba ju òǹtẹ̀ kóòtù lọ láti dá a dúró.

Àwọn tó kọ́ wa ní ẹ̀sìn náà ò bẹ̀rù tó báyìí. Ọmọ tó dojú bolẹ̀ wáyé ní Òṣogùn ni wọ́n sọ ní Àjàyí. Wọ́n kó o lẹ́rú ní 1821, àwọn ọkọ̀ ogun Gẹ̀ẹ́sì gbà á sílẹ̀ lójú òkun, wọ́n sì ṣe ìrìbọmi fún un ní Sàró ní 1825, wọ́n fi orúkọ àlùfáà òyìnbó kan sọ ọ́ ní Samuel Crowther. Ó di bíṣọ́ọ̀bù ní 1864, ó ṣe iṣẹ́ ńlá sí títúmọ̀ Bíbélì sí Yorùbá, síbẹ̀ Àjàyí kò kúrò láàárín orúkọ rẹ̀ títí dòní. Kò sí ẹni tó lé Àjàyí jáde pẹ̀lú ààwẹ̀. Pásítọ̀ Onítẹ̀bọmi kan wà l’Ékòó tí wọ́n ń pè ní David Brown Vincent. Ní 1894, ó bọ́ orúkọ mẹ́tẹ̀ẹ̀ta sílẹ̀, ó di Mọ́jọlá Agbébí, ó sì ń wàásù Jésù lọ. D. O. Fágúnwà, Onígbàgbọ́ paraku tí kò lè sọ ìtàn iwin kó má fi ẹ̀kọ́ ìjọ sí i, Ifá ló wà níwájú orúkọ ìdílé rẹ̀ láti ìgbà tí ìwé rẹ̀ àkọ́kọ́ ti jáde ní 1938. Ṣé ìgbàgbọ́ tiwa ló wá lágbára ju tiwọn lọ ni, àbí tiwọn ló lágbára débi tí orúkọ ò fi lè mì ín?

Ìwà òmùgọ̀ míràn tó jẹ́ ìbátan èyí ni ‘ìtumọ̀ rere’. Gbogbo àtòkọ orúkọ ló ń kó ayọ̀, ìmọ́lẹ̀, agbára àti ẹwà jọ, ọmọ tí kò bá jẹ́ ọmọọba lónìí, jagunjagun ni. Tí wọ́n bá fi òṣùwọ̀n yẹn wọn orúkọ àbíkú, kò ní ku ẹyọ kan. Ta ni yóò sọmọ ní Málọmọ́? Ta ni yóò sọmọ ní Kòsọ́kọ́? Àwọn òbí tó ti sin ọmọ sin ọmọ tí wọn ò ní omijé mọ́ ni wọ́n sọ ọ́. Kò sí ọkọ́ tí a ó fi gbẹ́ ilẹ̀ sin ọ́ mọ́, nítorí náà dúró. Ẹ̀bẹ̀ ni, ìhàlẹ̀ ni, ìfẹ́ ni, gbogbo rẹ̀ nínú ọ̀rọ̀ kan tó burú létí. Ọ̀kan nínú àwọn tó jẹ́ orúkọ yìí dúró lóòótọ́, ó jọba l’Ékòó ní 1845, ìbọn ọkọ̀ ogun Gẹ̀ẹ́sì ni wọ́n fi lé e lórí oyè ní 1851. Ẹ wá tẹ Kosoko láìní àmì sínú ẹ̀rọ tuntun tó ń dáhùn gbogbo ìbéèrè, kí ẹ wò ó. Bó bá jẹ́ lẹ́tà lásán ló ń tẹ̀ lé, ó lè sọ fún yín pé kò sí ọkọ ni, ẹ ó sì fi ọba aláya rẹpẹtẹ ṣe wúndíá tó ń wá ọkọ. Ẹ̀rọ ò ní tijú, kò sì ní ní òun ò mọ̀. Ìyá àgbà tó wà ní kíṣìnì á ní òun ò mọ̀ nígbà tí kò bá mọ̀, á sì ní kí ẹ lọ bi ẹ̀gbọ́n òun ní Ìṣẹ́yìn. Ìdí nìyẹn tí ẹ ò fi gbà á gbọ́.

Àwọn Mùsùlùmí ìṣáájú mọ bí wọ́n ṣe ń ṣe é. Wọn ò gbọ́ Lárúbáwá, wọ́n sì mọ̀ pé àwọn ò gbọ́ ọ, nítorí náà wọ́n bi àlùfáà tó gbọ́ ọ. Nígbà tó yá, ẹnu Yorùbá sọ Abdul-Hamid di Làmídì, kò sì sẹ́ni tó sọnù.

Bí orúkọ ṣe ń sọ ilé nù, ẹ wo ti Ṣadé. Fọláṣadé Adu ni wọ́n bí ní Ìbàdàn ní 1959, bàbá rẹ̀ ọmọ Yorùbá, ìyá rẹ̀ òyìnbó. Ìgbà tó di olórin, Ṣadé nìkan ni wọ́n kọ sí ara àwo, àwo rẹ̀ àkọ́kọ́ sì jáde ní 1984. Wọ́n ní láti ṣàlàyé fún àwọn ará Amẹ́ríkà bí wọ́n á ṣe pè é, Shar-day, wọ́n sì pè é bẹ́ẹ̀ lóòótọ́. Láìpẹ́, àwọn ọmọ ilẹ̀ náà bẹ̀rẹ̀ sí í jẹ́ Sade, Sharday, Shardae. Ní Fọláṣadé, wọ́n fi ọlá ṣe adé. Ní Ṣadé, ọlá ti já bọ́. Nígbà tí yóò fi di Sharday, adé gan-an ò sí níbẹ̀ mọ́, ohùn ló kù. N kò dá àwọn ìyá tó sọ ọmọ wọn bẹ́ẹ̀ lẹ́bi rárá. Wọ́n gbọ́ ohùn tó dùn, wọ́n sì fẹ́ràn ẹni tó ni ín. Èyí tó ń dun èmi ni ti Fọláṣadé tó wà ní Sùúrùlérè, tó kọ Shardae sí ojú ewé Facebook rẹ̀, nítorí ó ní Fọláṣadé ti gbó.

Ẹ jẹ́ kí n mú yín lọ sí Bahia ní ilẹ̀ Brazil. Níbẹ̀, ẹni tí wọ́n bá yà sọ́tọ̀ fún òrìṣà nínú ẹ̀sìn Candomblé yóò gba orúkọ tuntun. Orukó ni wọ́n ń pè é títí di ìsinsìnyí. Ọjọ́ kan wà tí yóò jáde síta, tí yóò ké orúkọ náà lójú gbogbo èèyàn, ariwo á sì ta. Maria Stella de Azevedo Santos, ìyálórìṣà Ilé Àṣẹ Òpó Àfọ̀njá ní Salvador tó di olóògbé ní 2018, Ọ̀ṣọ́ọ̀sì ọdẹ ni òrìṣà rẹ̀. Kí ni orúkọ rẹ̀? Odé Kayodê. Ọdẹ níwájú, káyọ̀dé tẹ̀ lé e. Mãe Senhora tó jókòó sórí àpèrè kan náà ṣáájú rẹ̀, ọmọ Ọ̀ṣun ni, Oxum Muiwá ló ń jẹ́. Potogí ni wọ́n fi ń ṣọjà, Potogí ni wọ́n fi ń bá ọmọ wí, wọ́n ò tẹ fóònù, síbẹ̀ iwájú orúkọ wà ní ibi tó yẹ kó wà. Àwọn ọmọ ọmọ ẹni tí wọ́n fi ṣẹ́kẹ́ṣẹkẹ̀ kó lọ ló ń wo ilé. Àwa tí a jókòó sínú ilé là ń wo ìta.

Ìtàn kan sì wà tí gbogbo ẹni tó fẹ́ yẹ orísun orúkọ wò yẹ kó mọ̀. Lẹ́yìn tí ìjọba Gẹ̀ẹ́sì fi òfin de òwò ẹrú ní 1807, ọkọ̀ ogun wọn ń dá àwọn ọkọ̀ olówò ẹrú dúró lójú òkun, wọ́n ń kó àwọn tó wà nínú rẹ̀ lọ sí Freetown. Ilé ẹjọ́ kan tún wà fún irú ẹjọ́ bẹ́ẹ̀ ní Havana ní Cuba. Akọ̀wé á jókòó, ìwé á wà níwájú rẹ̀, á bi wọ́n lọ́kọ̀ọ̀kan: orúkọ, ọjọ́ orí, gíga, ilà tàbí àpá tó wà lára. Akọ̀wé ò gbọ́ èdè wọn. Ohun tí etí Gẹ̀ẹ́sì tàbí etí Sípéènì bá gbọ́ ló ń kọ. Orúkọ tó wà nínú àwọn ìwé wọ̀nyẹn ju 90,000 lọ. Lóde òní, David Eltis àti àwọn onímọ̀ ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ní Yunifásítì Emory ní Atlanta kó wọn jọ sórí íntánẹ́ẹ̀tì, wọ́n ní kí ẹni tó bá gbọ́ èdè kan ní Áfíríkà wá tẹ́tí sí bí orúkọ náà ṣe ń dún, kó sọ fún wọn bó bá jẹ́ ti ilé tirẹ̀. Wọn ò wo lẹ́tà, ohùn ni wọ́n ń gbọ́. Wọn ò bi ìwé atúmọ̀, ẹni tó ni èdè ni wọ́n bi.

Ẹ ro ìyẹn wò dáadáa. Ẹni tí wọ́n bọ́ láṣọ, tí wọ́n já gbà lọ́wọ́ ìyá, tí kò ní ìwé, tí kò ní owó, tí ẹni tó ń kọ orúkọ rẹ̀ ò lè pè é. Lẹ́yìn nǹkan bí igba ọdún, orúkọ tí wọ́n sọ ọ́ lójú igbá omi ló ń júwe ọ̀nà ilé rẹ̀. Bí ó bá jẹ́ Jayden ni wọ́n kọ sílẹ̀, ọ̀dọ̀ ta ni a ó mú un lọ?

Fóònù fúnra rẹ̀ ò jẹ̀bi o, ẹni tí à ń bá sọ̀rọ̀ nínú rẹ̀ ni wàhálà. Iṣẹ́ ti pọ̀ nílẹ̀ fún ẹni tó bá fẹ́ mọ òótọ́. Samuel Johnson ya odindi orí kan sọ́tọ̀ fún orúkọ nínú ìwé ìtàn Yorùbá tó kọ parí ní 1897, tí wọ́n sì tẹ̀ ní 1921 lẹ́yìn ikú rẹ̀. Modupe Oduyoye kọ tirẹ̀ lórí bí a ṣe ń hun orúkọ ní 1972. Adébóyè Babalọlá àti Olúgbóyèga Àlàbá gbé ìwé atúmọ̀ orúkọ tó nípọn jáde ní 2003. Kọ́lá Túbọ̀sún àti àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ sì ti gbé YorubaName sórí íntánẹ́ẹ̀tì, pẹ̀lú àmì ohùn lórí orúkọ, bí ó ti tọ́ àti bí ó ti yẹ. Ẹni tó bá ní òun ò rí ibi tí òun ti lè wádìí, kò wá a ni.

Ẹ̀yin tí aboyún wà nílé yín báyìí, ọ̀rọ̀ mi ò pọ̀. Kí ẹ tó tẹ orúkọ kankan sínú ìkànnì, ẹ fi fóònù kan náà pe ẹni tó dàgbà jù nínú ìdílé bàbá, kí ẹ tún pe ti ìdílé ìyá. Ẹ bi wọ́n pé: kí ni wọ́n ń fi orúkọ ilé wa bẹ̀rẹ̀, ta ló kọ́kọ́ jẹ́ ẹ, kí ló ṣẹlẹ̀ tí wọ́n fi sọ ọ́ bẹ́ẹ̀? Ẹ ká ohùn wọn sílẹ̀. Tí ẹ bá sì dé ọ́fíìsì tí wọ́n ti ń gba ìwé ẹ̀rí ìbí, ẹ kọ odindi orúkọ fún akọ̀wé lórí bébà pẹ̀lú àmì rẹ̀, ẹ dúró tì í títí yóò fi kọ ọ́ tán, kí ẹ sì kà á kí ẹ tó fọwọ́ sí i.